Ìdí-Igi, Orí-Ò-Jorí àti Ìpín Ọlọ́hun: Àríwísí lórí Ogún Mùsùlùmí ní Èkó

 

Ẹ̀yin ọmọ ìyá wa nínú Ìsìláàmù, níbi àdúrà ọjọ́ kẹjọ ni ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ sọ yìí ti bẹ̀rẹ̀. Wọ́n pè wá sí ilé kan ní Mushin, tí kò jìnnà sí ọjà Ojúwòyè, nígbà tí baálé ilé náà jáde láyé. Ilé alájà kan ni olóògbé fi sílẹ̀, pẹ̀lú ṣọ́ọ̀bù mẹ́rin tó kọjú sí títì. Ìyàwó méjì ló ní. Ìyáálé bí ọmọkùnrin kan ṣoṣo, òun sì ni àkọ́bí. Ìyàwó kékeré bí mẹ́fà, ọkùnrin méjì, obìnrin mẹ́rin. A ti ṣe àdúrà tán, wọ́n ń gbé oúnjẹ bọ̀, ni àkọ́bí bá dìde dúró. Ó ní: "Ẹ̀yin àgbà, ìdí-igi ni Yorùbá fi ń pín ogún. Igi méjì la jẹ́ nílé yìí. Ìdajì ni tèmi."

Àwọn àbúrò rẹ̀ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà fi igbe ta: "Rárá o! Orí-ò-jorí ni. Ọmọ méje ni bàbá bí." Ìyàwó kékeré, tí gbogbo àdúgbò mọ̀ pé owó ata àti tòmátì rẹ̀ wà nínú símẹ́ńtì ilé náà, jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ògiri pẹ̀lú ìyáálé rẹ̀. Kò sí ẹni tó bi àwọn méjèèjì léèrè pé kí ni tiwọn. Wọ́n wá kọjú sí wa: "Àáfà, èwo lẹ fọwọ́ sí?" A ní a ò fọwọ́ sí ìkankan, pé Ọlọ́hun ti pín in nínú Súúrà An-Nisáì. Àkọ́bí rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ní: "Àáfà, ẹ má bínú o. Ti mọ́ṣáláṣí nìyẹn. Ti kóòtù là ń sọ níbí."

Ọ̀rọ̀ náà dùn wá, ṣùgbọ́n a ò lè sọ pé irọ́ ló pa. Ta ló wá la ààlà sáàárín mọ́ṣáláṣí àti kóòtù lórí ogún mùsùlùmí? Ọ̀pọ̀ nínú wa máa ń yára dáhùn pé òyìnbó ni. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. A yẹ ọ̀rọ̀ náà wò, a sì rí i pé ẹjọ́ yìí kan òyìnbó, ó kan àwọn adájọ́, ṣùgbọ́n àwa fúnra wa ló kàn jù.

Ibi tí òfin náà ti ṣẹ̀

Mùsùlùmí ti ń kírun ní Èkó kí Ọba Dòsùnmú tó fọwọ́ sí ìwé tó sọ ìlú di ti Gẹ̀ẹ́sì ní oṣù kẹjọ ọdún 1861. Ní ọdún 1863, wọ́n ṣe òfin pé òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni Èkó yóò máa lò. Nígbà tó di 1876, òfin tó ṣètò ilé ẹjọ́ gíga ní Èkó fi kún un pé kí adájọ́ máa tẹ̀ lé òfin àti àṣà ìbílẹ̀ láàárín àwọn ọmọ ìbílẹ̀, bí kò bá ti lòdì sí òdodo àti ẹ̀rí ọkàn rere. Ó dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n inú àpò wo ni wọ́n wá kó òfin Ìsìláàmù sí? Inú àpò àṣà ìbílẹ̀ ni, bí ẹni pé àwọn baba ńlá wa ló jókòó sí Ìsàlẹ̀ Èkó ṣe é.

Àpò yẹn sì ní ìlànà tirẹ̀. Òfin Gẹ̀ẹ́sì, adájọ́ gbọ́dọ̀ mọ̀ ọ́n fúnra rẹ̀. Àṣà ìbílẹ̀, ẹni tó bá gbé e kalẹ̀ ni yóò mú ẹlẹ́rìí wá láti fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀. Bí wọ́n bá ti fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀mejì, lẹ́ẹ̀mẹta, ilé ẹjọ́ á gbà pé gbogbo ayé ló mọ̀ ọ́n, kò sì ní béèrè ẹlẹ́rìí mọ́. Ẹ fi èyí sọ́kàn, nítorí òun ni kọ́kọ́rọ́ ohun gbogbo tó tẹ̀ lé e. Ohun tí àwọn ènìyàn ń tẹnu mọ́ níwájú adájọ́ ló ń di òfin. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò mẹ́nu bà, ìta kóòtù ni yóò dúró sí.

Ẹjọ́ mẹ́ta

Àkọ́kọ́ ni ẹjọ́ Asiata àti Goncallo, ti ọdún 1900. Ọmọ Yorùbá kan, Alli Elese, ni wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Bùràsíìlì. Ibẹ̀ ló ti fẹ́ Selia, tí òun náà jẹ́ Yorùbá, ní ìlànà Ìsìláàmù, kí wọ́n tó tún lọ ṣe ìgbéyàwó ti Kìrìsìtẹ́nì. Nígbà tó padà sí Èkó, ó fẹ́ Asatu ní ìlànà Ìsìláàmù. Lẹ́yìn ikú rẹ̀ ni ìjà dé: ṣé Asiata, ọmọ tí Asatu bí, ní ìpín nínú ogún? Ilé ẹjọ́ wò ó pé Yorùbá ni ọkùnrin náà, mùsùlùmí sì ni, ó ní kí Asiata bá àwọn ọmọ Selia pín in. Ẹ ò rí i pé ní ọdún 1900, ẹnìkan mú ọ̀rọ̀ ìsìn wá síwájú adájọ́, adájọ́ sì bojú wò ó.

Ẹ̀kejì ni ti Suberu àti Sunmonu, ọdún 1957. Níbẹ̀ ni ilé ẹjọ́ àgbà ti sọ ọ́ pé nínú àṣà Yorùbá, ìyàwó kò ní ìpín nínú ogún ọkọ rẹ̀, nítorí òun fúnra rẹ̀ wà lára ohun tí ẹbí ọkọ ń jogún. Ẹ gbọ́ orúkọ àwọn tó wà nídìí ẹjọ́ yìí: Suberu, Sunmonu. Orúkọ tí àáfà ń fi sọ ọmọ lọ́jọ́ kẹjọ ni. Síbẹ̀, àṣà tó ka obìnrin mọ́ ẹrù ni wọ́n fi dá ẹjọ́ náà, nígbà tí Àlùkùránì ti fún ìyàwó ní ìpín tirẹ̀ láti ohun tó lé ní 1,300 ọdún ṣáájú.

Ẹ̀kẹta ló lókìkí jù, òun ni ti Dawodu àti Danmole. Suberu Dawodu kú ní Èkó láìkọ ìwé ìhágún. Ìyàwó mẹ́rin ni, ọmọ mẹ́sàn-án. Ṣé ìdí-igi ni kí wọ́n fi pín in, kí ọmọ ìyá kọ̀ọ̀kan gba ìdá kan nínú mẹ́rin, tàbí orí-ò-jorí, kí ọmọ kọ̀ọ̀kan gba ìdá kan nínú mẹ́sàn-án? Adájọ́ àkọ́kọ́ fara mọ́ orí-ò-jorí, ó ní ìdí-igi kò bá ìgbà mu mọ́. Ní 1958, ilé ẹjọ́ àgbà yí ìdájọ́ náà padà: ìdí-igi ni àṣà Yorùbá, kò sì lòdì sí òdodo. Ọ̀rọ̀ náà dé Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, àwọn yẹn sì fọwọ́ sí i ní 1962. Wọ́n ní kò yẹ kí á fi ojú ìlú tí ọkùnrin ti ń fẹ́ ìyàwó kan ṣoṣo wo ilé olórogún. Láti ìgbà náà ni ìdí-igi ti fẹsẹ̀ múlẹ̀ ní kóòtù, tí orí-ò-jorí sì dúró lẹ́yìn rẹ̀, fún ìgbà tí olórí ẹbí bá rí i pé ìjà fẹ́ ṣẹlẹ̀.

A kò bá àwọn adájọ́ wọ̀nyẹn jà. Ohun tí wọ́n bi wọ́n ni wọ́n dáhùn. Bí ìbéèrè bá jẹ́ "ẹ̀bà tàbí iyán," ẹnikẹ́ni kò ní fi ìrẹsì dáhùn. Ohun tó ká wa lára ni pé ìdílé tó ń jẹ́ Suberu àti Dawodu gbé ogún bàbá wọn láti Èkó dé Lọ́ńdọ̀nù, ó sì jẹ́ pé ọ̀nà méjì péré ni wọ́n ń bá ara wọn jà lé lórí, méjèèjì kì í sì í ṣe ti Àlùkùránì.

Ìṣirò ilé Mushin

Ẹ jẹ́ kí á padà sí ilé tí wọ́n pè wá sí, kí á fi owó ṣe àlàyé, nítorí ẹnu lásán kò ká ogún. Ká ní ilé àti ṣọ́ọ̀bù ń mú 1,600,000 náírà wá lọ́dún. Bí a bá fi ìdí-igi pín in, àkọ́bí nìkan gba 800,000. Àwọn àbúrò mẹ́fà pín 800,000, ó kan ẹnì kọ̀ọ̀kan ní 133,000 àti díẹ̀. Bí a bá fi orí-ò-jorí pín in, ọmọ kọ̀ọ̀kan gba 228,000 àti díẹ̀. Nínú méjèèjì, òdo ni ti àwọn ìyàwó.

Ní ti ìpín Ọlọ́hun, lẹ́yìn tí a bá ti san gbèsè olóògbé, tí òbí rẹ̀ kò sì sí láyé mọ́, ìdá kan nínú mẹ́jọ ni ti àwọn ìyàwó: 200,000, tí í ṣe 100,000 fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ó ku 1,400,000 fún àwọn ọmọ. Ọmọkùnrin gba ìlọ́po méjì ọmọbìnrin: 280,000 fún ọkùnrin kọ̀ọ̀kan, 140,000 fún obìnrin kọ̀ọ̀kan. Kò sí ẹni tó lọ lọ́wọ́ òfo.

A ò ní fi òótọ́ pamọ́. Ọmọbìnrin ilé yẹn yóò rí i pé orí-ò-jorí fún òun ju ohun tí Ìsìláàmù fún òun lọ, ó sì lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè ìdí rẹ̀. Ìdáhùn wa ni pé ìlọ́po méjì ọkùnrin, ẹrù wà nínú rẹ̀. Òun ni yóò bọ́ ìyàwó àti ọmọ rẹ̀, òun ni yóò gbọ́ bùkátà ìyá àti arábìnrin rẹ̀ tí kò bá ní alátìlẹ́yìn. Owó obìnrin, tirẹ̀ ni pátápátá. Ọkùnrin tó bá gba ìlọ́po méjì, tí kò sì gba ẹrù, ìdajì ẹ̀sìn ló gbà. Kí ó má ṣe fi ayọ́ọ̀ Àlùkùránì bo ojú ọ̀kánjúwà rẹ̀.

Ohun tí Áṣíà lè kọ́ wa

Ẹnìkan lè ní: ta ni yóò gbà kí á lo òfin yìí lábẹ́ ìjọba tí kì í ṣe ti mùsùlùmí nìkan? Ẹ jẹ́ kí á wo Áṣíà, níbi tí Gẹ̀ẹ́sì kan náà ti jọba kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ọ̀nà tó ti ibẹ̀ dé ọ̀dọ̀ wa kì í ṣe tuntun. Òfin ọ̀daràn tí wọ́n ń pè ní Penal Code, tí Òkè Ọya bẹ̀rẹ̀ sí lò ní 1960, láti Sudan ni wọ́n ti mú àpẹẹrẹ rẹ̀. Sudan mú tirẹ̀ ní 1899 láti inú èyí tí wọ́n ṣe fún Íńdíà ní 1860. Bí òfin ọ̀daràn bá lè rin irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀ dé ọ̀dọ̀ wa, ọgbọ́n náà lè rìn ín.

Ní Íńdíà, láti ọdún 1772 ni Warren Hastings ti là á sílẹ̀ pé lórí ìgbéyàwó àti ogún, òfin Àlùkùránì ni kí wọ́n fi ṣẹjọ́ mùsùlùmí, kí wọ́n sì fi ìwé mímọ́ àwọn Híńdù ṣe tiwọn. Ní 1791, wọ́n tẹ ìtumọ̀ ìwé òfin Hidaya jáde ní èdè Gẹ̀ẹ́sì kí àwọn adájọ́ lè rí i kà. Ẹ kíyè sí ìyàtọ̀ náà: ohun tí wọ́n ní kí á mú ẹlẹ́rìí wá fún ní Èkó, ìwé wà fún un ní Kàlìkọ́tà.

Kì í ṣe pé gbogbo rẹ̀ dùn bí oyin. Ní 1894, Privy Council yìí kan náà dá ẹjọ́ tó sọ wákàfù tí ènìyàn ṣe nítorí ọmọ àti àrọ́mọdọ́mọ rẹ̀ di asán, nítorí pé òye Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi wo ohun tí Ìsìláàmù kà sí ìtọrẹ. Kí ni àwọn mùsùlùmí Íńdíà ṣe? Wọ́n kọ̀wé, wọ́n bẹ̀bẹ̀, wọ́n jiyàn, títí Muhammad Ali Jinnah fi gbé àbá òfin lọ sí ìgbìmọ̀ aṣòfin, tí ó sì di òfin ní 1913. Ẹnu ẹni la fi ń kọ mé-jẹ. Wọ́n fi ẹnu ara wọn kọ̀ ọ́.

Ìyẹn nìkan kọ́. Ní Punjab, àṣà ìbílẹ̀ ni kóòtù ń tẹ̀ lé láàárín àwọn mùsùlùmí, gẹ́gẹ́ bíi tiwa gẹ́lẹ́. Àṣà náà kì í sì í jẹ́ kí ọmọbìnrin pín nínú ilẹ̀ bàbá rẹ̀ bí ọmọkùnrin bá wà. Àwọn àáfà àgbà àti ẹgbẹ́ àwọn obìnrin mùsùlùmí pa ohùn pọ̀ pé àwọn kò fẹ́ àṣà yìí mọ́. Ní 1937, òfin jáde pé lórí ogún, yìgì, ìkọ̀sílẹ̀ àti wákàfù, Ṣẹ́ríà ni ti mùsùlùmí, kì í ṣe àṣà. Síbẹ̀ wọ́n yọ ilẹ̀ oko sílẹ̀ nínú òfin náà, ilẹ̀ oko sì ni ọrọ̀ wà. A sọ èyí kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé àwọn ará Íńdíà borí tán.

Singapore ló bá Èkó mu jù lójú tiwa. Ìlú èbúté ni, òwò ni wọ́n ń ṣe, mùsùlùmí ibẹ̀ kò ju bíi 15 lọ nínú ọgọ́rùn-ún. Síbẹ̀, láti ìgbà òfin tí wọ́n ṣe ní 1966 lórí ọ̀ràn mùsùlùmí, bí mùsùlùmí bá kú níbẹ̀, ilé ẹjọ́ Ṣẹ́ríà á kọ ìwé tó dárúkọ àwọn tó lẹ́tọ̀ọ́ sí ogún àti iye ìpín ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ìjọba ibẹ̀ kò di ti mùsùlùmí nítorí rẹ̀, ọjà wọn kò sì tú.

Ẹ̀kọ́ kejì láti Íńdíà korò díẹ̀. Ní 1985, ilé ẹjọ́ tó ga jù níbẹ̀ ní kí ọkọ tó kọ ìyàwó arúgbó kan, Shah Bano, sílẹ̀ máa fún un ní owó oúnjẹ. Ariwo ta, àwọn kan ní wọ́n tàpá sí Ṣẹ́ríà, ìjọba sì ṣe òfin mìíràn ní 1986. Ẹni tó bá ń jà fún òfin Ọlọ́hun gbọ́dọ̀ ṣọ́ra kí ayé má baà rí i pé ara obìnrin tí kò lólùrànlọ́wọ́ nìkan ló ń jà lé.

Ẹ̀bi ta ni?

Ní Nàìjíríà, òfin ìpìlẹ̀ ọdún 1999 gba ìpínlẹ̀ tó bá fẹ́ láyè láti ní ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti Ṣẹ́ríà, fún yìgì, ogún, wàsíyà, ẹ̀bùn àti wákàfù. Kò sí ìkankan ní Èkó. Ní 1998, nínú ẹjọ́ Alkamawa àti Bello, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ti là á mọ́lẹ̀ pé òfin Ìsìláàmù kì í ṣe àṣà ìbílẹ̀, pé ó ní ìwé, ó sì ju ti ẹ̀yà kan lọ. Àpò tí wọ́n kó wa sí ti ya, ṣùgbọ́n a ò tíì jáde nínú rẹ̀.

Ní 2002, àwọn mùsùlùmí Ìbàdàn dá ìgbìmọ̀ Ṣẹ́ríà olómìnira sílẹ̀, Èkó náà sì ní tirẹ̀. Iṣẹ́ rere ni. Ṣùgbọ́n ẹni méjì tó ń jà ní láti gbà fúnra wọn kí ìgbìmọ̀ tó dá sí i, kò sì ní ọlọ́pàá tí yóò mú ìdájọ́ rẹ̀ ṣẹ. Nígbà tí ariwo ìgbìmọ̀ báyìí tún sọ ní Ọ̀yọ́ àti Èkìtì ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2025, gbogbo ènìyàn ló ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé gígé ọwọ́ ló délẹ̀. Ìwọ̀nba mùsùlùmí ló lè fi sùúrù ṣàlàyé pé opó tí wọ́n ń ti jáde nílé ọkọ rẹ̀ là ń wí.

A kò lè bá wọn wí púpọ̀, nítorí àwa àáfà kò ṣe tiwa. Nínú ilé-kéú, a ń kọ́ ọmọ ní ìmọ̀ ogún láti inú Risala, ọmọ á mọ ìdá kan nínú mẹ́jọ àti ìdá kan nínú mẹ́fà lórí. Bó bá di ọjọ́ kẹjọ, tí wọ́n ń pín ogún ní ìdí-igi níwájú wa, a ó jẹ ẹran, a ó gba sàárà, a ó ṣe àmín. Àwọn bàbá wa náà ńkọ́? Wọ́n lọ sí Mẹ́kà lẹ́ẹ̀mejì, ṣùgbọ́n wọn kò kọ ojú ìwé kan ṣoṣo nípa ilé wọn. Wọ́n ní ẹni tó bá ń kọ ìwé ìhágún ń pe ikú. Bẹ́ẹ̀ Ànábì wa kọ́ wa pé mùsùlùmí tó ní ohun ìní tó fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí kò gbọdọ̀ sun òru méjì láìjẹ́ pé wàsíyà rẹ̀ wà ní kíkọ.

Kí ni ṣíṣe?

Ìwé ni. Ṣùgbọ́n ọ̀bẹ tó ń gé iṣu náà ló ń gé ọwọ́. Ní 1971, nínú ẹjọ́ Adesubokan àti Yinusa, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ sọ pé mùsùlùmí tó kọ ìwé ìhágún lábẹ́ òfin Gẹ̀ẹ́sì ti 1837 lè fún ẹni tó wù ú ní ohun tó wù ú. Ẹni tó bá fẹ́ lè fi agbára yẹn fi ogún du ọmọ tí kò fẹ́ràn. Ẹni tó bẹ̀rù Ọlọ́hun lè fi agbára kan náà kọ ọ́ pé: kí wọ́n san gbèsè mi, kí wọ́n san sàdáàkì tí mo bá jẹ ìyàwó mi, kí wọ́n sì pín ìyókù fún àwọn àjogún mi ní ìlànà Ìsìláàmù. Bó bá fẹ́ ta mọ́ṣáláṣí tàbí ọmọ òrukàn tó ń tọ́ lọ́rẹ, kí ó má kọjá ìdá kan nínú mẹ́ta. Kí ó pe lọ́yà àti àáfà jókòó pa pọ̀. Kí ó fọwọ́ sí i níwájú ẹlẹ́rìí méjì tí kò sí lára àwọn tí yóò jogún, kí àwọn náà fọwọ́ sí i níwájú rẹ̀. Kí ó fi ẹ̀dà kan pamọ́ sí ọ́fíìsì próbéètì ní Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìpínlẹ̀ Èkó. Ọjọ́ tí ọ̀kẹ́ àìmọye irú ìwé bẹ́ẹ̀ bá wà níbẹ̀, kóòtù kò ní béèrè mọ́ bóyá mùsùlùmí Èkó mọ ìpín Ọlọ́hun.

Ní ti ilé Mushin, wọn kò tíì pín in títí a fi ń kọ èyí. Wọ́n ti ti ṣọ́ọ̀bù méjì pa nítorí ẹni tí yóò gba owó wọn. Ìyàwó kékeré ti padà sí ìdí ata rẹ̀. Ó kí wa ní ọ̀nà láìpẹ́ yìí, ó ní: "Àáfà, ẹ̀yin ńkọ́, ṣé ẹ ti kọ tiyín?" A ò rí nǹkan kan sọ, nítorí a ò tíì kọ ọ́. Ní alẹ́ ọjọ́ náà ni a mú ìwé àti gègé, tí a pe ìyàwó wa kí ó wá jókòó, a sì bẹ̀rẹ̀.

Kí Ọlọ́hun má jẹ́ kí ohun tí a kó jọ di ohun tí yóò tú àwọn ọmọ wa ká. Kí Ó jẹ́ kí mọ́ṣáláṣí àti kóòtù wa sọ ohun kan náà. Àmín. Wabilláhi taofíìkì.